Ta Ló Kọ Lẹ́tà sí Ọlọ́pàá? Ààbò Níbi Ìdìbò Ẹgbẹ́ Alájẹṣẹ́kù

Ọlọ́pàá tó dúró lẹ́nu géètì gbọ̀ngàn níbi tí ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ti ń dìbò lè jẹ́ ààbò fún gbogbo ọmọ ẹgbẹ́. Ó sì lè jẹ́ ìpayà fún ìdajì wọn. Aṣọ kan náà ló wọ̀, kóńdó kan náà ló mú dání. Ohun tó ya èkíní sọ́tọ̀ sí èkejì ni ẹni tó pè é wá. Bí ó bá jẹ́ alága tó fẹ́ padà sórí àga ló lọ pè é ní àgọ́, tó fún un lówó ọkọ̀, tó sì ń fọwọ́ júwe ibi tí yóò dúró sí, ọlọ́pàá alága nìyẹn, kò sí bí a ṣe lè sọ ọ́ tí yóò fi di ọlọ́pàá ẹgbẹ́. Bí ó bá sì jẹ́ ìgbìmọ̀ elétò ìdìbò, tí ìpàdé gbogboogbò yàn, tí olùdíje kankan kò sí nínú wọn, ló kọ lẹ́tà sí àgọ́, tí gbogbo olùdíje sì mọ ohun tó wà nínú lẹ́tà náà, ẹni tó ń bọ̀ wá dìbò yóò mọ̀ pé ààbò òun náà ni. Orí ọ̀rọ̀ yìí ni gbogbo ohun tí mo fẹ́ sọ dúró lé: ààbò ọlọ́pàá níbi ìdìbò alájẹṣẹ́kù dára, ó sì bófin mu, ṣùgbọ́n ọwọ́ ẹni tó bá pè é ni ìwà rẹ̀ wà.

Command ní agbègbè Ìpájà, ní Alímọ̀ṣọ́, jẹ́ ibi tí ọ̀rọ̀ yìí tọ́ sí gidigidi. Iléèwé àwọn ológun, Command Secondary School, ló fún àdúgbò náà lórúkọ, aṣọ ìjọba kò sì ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni níbẹ̀. Ìkànìyàn ọdún 2006 ka èèyàn 1,277,714 sí Alímọ̀ṣọ́. Ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó, nínú kíkà tirẹ̀, ní wọ́n ju mílíọ̀nù méjì lọ. Nínú ọ̀pọ̀ èèyàn bẹ́ẹ̀, àìmọye ni báǹkì kì í dá lóhùn bí wọ́n bá wá yáwó: ìyá tó ń ta aṣọ ní Ìkòtún, télọ̀ ní Ẹ̀gbẹ́dá, ẹni tó ń jó irin ilẹ̀kùn ní Ìgándò, olùkọ́ tí owó oṣù rẹ̀ kò lè kọ́lé láéláé bí kò bá sí ẹni tó yá a. Alájẹṣẹ́kù ni báǹkì wọn. Orúkọ náà fúnra rẹ̀ ti là á: ẹni tó jẹ, tó sì ṣẹ́ díẹ̀ kù fún ọ̀la. Kì í ṣe àṣà àná pẹ̀lú. Ní 1907 ni àwọn àgbẹ̀ kòkó ní Agége, tí kò jìnnà sí Command, ti dá Agege Planters' Union sílẹ̀, tí J. K. Coker sì ṣe olórí wọn, kí wọ́n lè pa ohùn wọn pọ̀ lórí iṣẹ́ oko àti ọjà kòkó. Ní 1934 ni C. F. Strickland kọ àbọ̀ ìwádìí rẹ̀ lórí irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀ fún ìjọba amúnisìn, òfin àkọ́kọ́ fún wọn ní Nàìjíríà sì jáde ní 1935. Òfin ìjọba àpapọ̀ tó wà nílẹ̀ lónìí ti ọdún 1993 wá. Láti ìbẹ̀rẹ̀ títí di ìsinsìnyí, ìlànà kan kò yí padà, ìlànà tí àwọn èèyàn 28 tó dá ẹgbẹ́ Rochdale sílẹ̀ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ní 1844 ti gùn lé: ọmọ ẹgbẹ́ kan, ìbò kan. Ì báà jẹ́ ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá náírà ni tìrẹ nínú àpò ẹgbẹ́, ì báà jẹ́ mílíọ̀nù márùn-ún, ìbò kan náà ni. Nítorí náà, bí ẹnì kan bá fi ìjàngbọ̀n lé ìyá aláṣọ kúrò lẹ́nu géètì, kì í ṣe ìyá náà nìkan ló ṣẹ̀. Ó ti ba ohun tó sọ alájẹṣẹ́kù di alájẹṣẹ́kù jẹ́.

Ẹni tí kò bá wọ irú ẹgbẹ́ yìí rí lè béèrè pé kí ló wà nínú ipò alága alájẹṣẹ́kù tí èèyàn fi lè torí rẹ̀ pe jàǹdùkú. Ohun tó wà níbẹ̀ pọ̀. Ìgbìmọ̀ aláṣẹ ló ń pinnu fọ́ọ̀mù ẹ̀yáwó ta ni yóò kọ́kọ́ jáde. Ní ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́, ìlọ́po méjì ohun tí èèyàn ti fi pamọ́ ni wọ́n lè yá a, ẹni tí owó iléèwé ọmọ rẹ̀ ti pé, tí akọ̀wé sì ń sọ fún un pé kó máa bọ̀ lóṣù tó ń bọ̀, mọ agbára tó wà lọ́wọ́ akọ̀wé. Àwọn náà ló ń ra ìrẹsì àti òróró lọ́pọ̀ yanturu fún pínpín nígbà ọdún; àwọn ló ń bá onílẹ̀ dúnàádúrà nígbà tí ẹgbẹ́ bá fẹ́ ra ilẹ̀ ní Mowe tàbí ní Ìbẹ́jú-Lẹ́kí, orúkọ wọn ló sì máa ń wà lórí ìwé kí wọ́n tó pín in fún ọmọ ẹgbẹ́. Ohun mìíràn tún wà tó le ju èyí lọ, tí wọn kì í fẹ́ sọ síta: ẹni tó ti jẹ akápò lọ́dún mẹ́fà, tí wọn kò yẹ ìwé owó rẹ̀ wò lọ́dún mẹ́ta tó kẹ́yìn, kì í bẹ̀rù pé òun yóò pàdánù ipò. Ẹni tí yóò ṣí ìwé náà lẹ́yìn òun ló ń bẹ̀rù. Irú ìbẹ̀rù bẹ́ẹ̀ ló ń mú kí wọ́n sún ìdìbò síwájú, kí àpótí ìbò ya, kí iná mànàmáná kú lójijì nígbà tí kíkà ìbò bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kan kọ́ ni àwọn tó mọ ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́ ti sọ ọ́ pé ìjà ọjọ́ ìdìbò, inú ìwé owó ló ti ń bẹ̀rẹ̀.

Kí ni òfin wá sọ nípa ọlọ́pàá? Òfin Ọlọ́pàá tí ààrẹ fọwọ́ sí ní oṣù kẹsàn-án ọdún 2020 ti to iṣẹ́ wọn sílẹ̀ ní apá kẹrin: kí wọ́n dènà ìwà ọ̀daràn, kí wọ́n pa àlàáfíà ìlú mọ́, kí wọ́n dáàbò bo ẹ̀mí àti dúkìá, kí wọ́n sì dáàbò bo ẹ̀tọ́ tí ìwé òfin orílẹ̀-èdè fún olúkúlùkù. Ẹ̀tọ́ láti péjọ, láti kẹ́gbẹ́, wà lára wọn. Apá 40 ìwé òfin ọdún 1999 ló fún wa. Apá 83 Òfin Ọlọ́pàá tún fẹsẹ̀ ọ̀rọ̀ múlẹ̀ sí i. Ó ní bí ẹnì kan tàbí ẹgbẹ́ kan bá ti fi tó ọlọ́pàá létí pé òun fẹ́ ṣe ìpàdé ní ojú títì tàbí ní ibi tí ará ìlú lè wọ̀, ọ̀gá ọlọ́pàá tó ni agbègbè náà gbọ́dọ̀ kó òṣìṣẹ́ jọ láti pèsè ààbò. Gbọ̀ngàn ìjọba ìbílẹ̀, ọgbà iléèwé, gbọ̀ngàn ìlú, irú ibi tí ẹgbẹ́ ní Alímọ̀ṣọ́ ti ń dìbò nìyẹn. Bí ó bá tilẹ̀ jẹ́ inú ọgbà ẹnì kan ni ìpàdé wà, iṣẹ́ tó wà ní apá kẹrin kò kúrò lọ́rùn ọlọ́pàá. Ẹ jẹ́ kí a kíyè sí ọ̀rọ̀ náà dáadáa: ìfitónilétí ni òfin sọ. Kò ní kí ẹgbẹ́ lọ tọrọ àyè láti pàdé. Ní 2007, ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn ti sọ ọ́ nínú ẹjọ́ ẹgbẹ́ òṣèlú ANPP àti ọ̀gá àgbà ọlọ́pàá pé ará ìlú kò nílò ìwé àṣẹ ọlọ́pàá kí wọ́n tó péjọ ní àlàáfíà. Nítorí náà, lẹ́tà tí ẹgbẹ́ ń kọ sí àgọ́ kì í ṣe ẹ̀bẹ̀, kò sì yẹ kí ẹnikẹ́ni ní àgọ́ gbà á bí ẹ̀bẹ̀.

Síbẹ̀ ohun kan wà tó ti ba orúkọ ọlọ́pàá jẹ́ nínú ẹgbẹ́ kí ọjọ́ ìdìbò tó dé rárá, ibẹ̀ ni mo sì fẹ́ dúró sí díẹ̀. Ọ̀pọ̀ ìgbìmọ̀ aláṣẹ ló ti sọ àgọ́ ọlọ́pàá di ibi tí wọ́n ti ń gba gbèsè. Ẹnì kan yáwó, ọjà rẹ̀ kò tà, ó jẹ gbèsè oṣù mẹ́ta. Ohun tó kàn ni kí ọlọ́pàá wá kanlẹ̀kùn rẹ̀ láàárọ̀ kùtùkùtù, kí wọ́n gbé e lọ, kí wọ́n sì pe onídùúró rẹ̀ pé kó wá yọ ọ́. Òfin kò gba èyí láàyè. Apá 32 Òfin Ọlọ́pàá ọdún 2020 ti sọ pé a kò gbọ́dọ̀ mú ẹnikẹ́ni kìkì nítorí ẹ̀ṣẹ̀ tí kò jẹ́ ọ̀ràn ọ̀daràn, tàbí nítorí pé ó yẹ àdéhùn. Gbèsè jẹ́ gbèsè. Ibi tó yẹ kí ó lọ ni ọ́fíìsì Olùdarí Ẹgbẹ́ Alájẹṣẹ́kù tàbí ilé ẹjọ́. Ṣùgbọ́n níwọ̀n ìgbà tí àṣà yìí ti wọ́pọ̀, ẹ fojú inú wo ohun tí ọmọ ẹgbẹ́ ń rò ní ọjọ́ ìdìbò. Ọlọ́pàá tó wá mú aládùúgbò rẹ̀ ní oṣù karùn-ún nítorí ẹ̀yáwó, lórúkọ alága, òun náà ló dúró lẹ́nu géètì ní oṣù kọkànlá, tí alága sì ń kí i ní orúkọ. Kò sí ẹni tí yóò lè sọ fún ọmọ ẹgbẹ́ náà pé ọlọ́pàá yìí ò ṣe ti ẹnikẹ́ni. Ẹgbẹ́ tó bá fẹ́ kí ààbò ọlọ́pàá ní ìtumọ̀ ní ọjọ́ ìdìbò, kó kọ́kọ́ dẹ́kun fífi ọlọ́pàá gba gbèsè ní àwọn ọjọ́ yòókù. Èyí ṣe pàtàkì ju iye ọkọ̀ ọlọ́pàá tó wá lọ.

Ìlànà tó yẹ kí a tẹ̀ lé kò ṣàjèjì, nítorí ìdìbò ìjọba ti fi hàn wá. Òfin Ìdìbò ọdún 2022 sọ ní apá 27 pé àjọ INEC ni yóò béèrè fún àwọn agbófinró tí ìdìbò bá nílò, òun náà ni yóò sì pín wọn sí ibi tí wọ́n máa wà, lẹ́yìn tí ó bá ti fọ̀rọ̀ lọ àwọn àjọ agbófinró. Olùdíje kọ́, ẹgbẹ́ òṣèlú kọ́, gómìnà kọ́. Òfin yẹn kan náà tún fi ìwọ̀n mítà 300 yí ibùdó ìdìbò ká, níbi tí a kò ti gbọ́dọ̀ bá ohun ìjà lọ́wọ́ ará ìlú. Gbogbo wa la mọ̀ pé ìdìbò ìjọba wa kò pé, a sì mọ ibi tí wọ́n ti ya òfin yẹn. Ṣùgbọ́n èrò tó wà nídìí rẹ̀ tọ̀nà: agbófinró tí olùdíje kan bá dá pè, olùdíje náà ló ni ín. Òfin Ìdìbò kò kan ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù, kò sì sí INEC fún wọn. Ìdí nìyẹn tí ìgbìmọ̀ elétò ìdìbò ẹgbẹ́ fi gbọ́dọ̀ ṣe iṣẹ́ yẹn fúnra rẹ̀.

Bí yóò ṣe ṣe é nìyí. Kó tó ku oṣù méjì tí ìdìbò yóò wáyé, kí ìpàdé gbogboogbò yan ìgbìmọ̀ náà, ẹni mẹ́ta tàbí márùn-ún tí kò ní díje, tí wọn kò sì jẹ ẹgbẹ́ ní gbèsè tó ti kọjá ọjọ́. Kí wọ́n kọ ìpinnu náà sínú ìwé ìpàdé, nítorí ìwé yẹn ni yóò dúró fún wọn bí ẹnikẹ́ni bá ní ta ló fún wọn láṣẹ. Iṣẹ́ wọn àkọ́kọ́ kì í ṣe ọ̀rọ̀ ọlọ́pàá rárá. Ìwé orúkọ ni. Kí wọ́n gba ìwé orúkọ ọmọ ẹgbẹ́ lọ́wọ́ akọ̀wé, kí wọ́n fi wé ìwé owó, kí wọ́n yọ ẹni tó ti kú àti ẹni tó ti kúrò, kí wọ́n sì lẹ èyí tó bá kù mọ́ ògiri fún ọjọ́ 21, kí ẹni tí orúkọ rẹ̀ kò sí níbẹ̀ lè pariwo nígbà tí ariwo ṣì wúlò. Ohun tí wọ́n sábà máa ń fi lé alátakò sẹ́yìn ni pé wọ́n á ní kò tíì san owó rẹ̀ pé, kò lè dìbò. Bí wọ́n bá sọ bẹ́ẹ̀ fún un lẹ́nu géètì ní ọjọ́ ìdìbò, ìjà ni yóò dá sílẹ̀. Bí wọ́n bá sọ fún un ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta ṣáájú, yóò lọ mú tẹ́là báǹkì rẹ̀ wá. Lẹ́yìn èyí ni kí wọ́n kọ lẹ́tà sí ọ̀gá ọlọ́pàá tó wà ní àgọ́ agbègbè náà. Kí lẹ́tà náà sọ ọjọ́, wákàtí, ibi ìdìbò, iye olùdìbò àti orúkọ gbogbo olùdíje. Kí wọ́n so ìpinnu ìpàdé gbogboogbò mọ́ ọn àti ẹ̀dà ìwé ìforúkọsílẹ̀ ẹgbẹ́. Kí ẹ̀dà kan lọ sí ọ́fíìsì ìjọba tó ń bójú tó ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù ní agbègbè, kí òṣìṣẹ́ wọn lè wà níbẹ̀ ní ọjọ́ náà. Kí olùdíje kọ̀ọ̀kan sì gba tirẹ̀. Bí ẹgbẹ́ bá tóbi, ó dára kí ọ̀gá ọlọ́pàá pe gbogbo olùdíje jókòó sí àgọ́ lọ́jọ́ díẹ̀ ṣáájú, kí wọ́n fọwọ́ sí ìwé pé àwọn kò ní dá wàhálà sílẹ̀. Ẹni tó ti fọwọ́ sí irú ìwé bẹ́ẹ̀ lójú àwọn abánidíje rẹ̀ mọ̀ pé òun ni wọn yóò kọ́kọ́ wá bí tọ́ọ̀gì bá yọ.

Ní ọjọ́ náà gan-an, ẹnu géètì ni ipò ọlọ́pàá. Wọn kò gbọ́dọ̀ jókòó ti tábìlì ìbò, wọn kò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kan ìwé ìdìbò, wọn kò gbọ́dọ̀ gbé àpótí, wọn kò gbọ́dọ̀ ka ìbò. Ẹnì kan ṣoṣo ló lè pè wọ́n wọlé, ìyẹn alága ìgbìmọ̀ elétò ìdìbò. Bí olùdíje bá pè wọ́n, kí wọ́n dúró síbi tí wọ́n wà. Òṣìṣẹ́ ẹgbẹ́ ni kó máa yẹ káàdì ọmọ ẹgbẹ́ wò lẹ́nu ọ̀nà, kì í ṣe ọlọ́pàá, nítorí ọlọ́pàá kò mọ ẹni tó jẹ́ ọmọ ẹgbẹ́. Ibi tí wọ́n ti dìbò ni kí wọ́n ti kà á, lójú gbogbo èèyàn, kí wọ́n sì kéde rẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Àpótí tó bá wọ ọkọ̀ lọ síbòmíràn ti di ọ̀rọ̀ mìíràn. Kí ọlọ́pàá má sì tètè lọ. Wákàtí tó léwu jù ni èyí tó tẹ̀ lé ìkéde, nígbà tí ẹni tó wọlé ń jó, tí ẹni tí kò wọlé sì ń kó àwọn èèyàn rẹ̀ jọ sí ìta. Ọ̀pọ̀ ìgbà, ní irú wákàtí yẹn ni ọlọ́pàá ti dágbére, wọ́n ní iṣẹ́ ti parí.

Bí ẹnikẹ́ni bá rò pé àṣẹ ọlọ́pàá nìkan tó láti mú ìdìbò rọrùn, kó wo ìpínlẹ̀ Kerala ní Íńdíà. Ó wà lára àwọn ibi tí ọ̀rọ̀ alájẹṣẹ́kù ti lágbára gidigidi. Wọ́n ní àjọ elétò ìdìbò tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ ti ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù nìkan, kò sì ṣàjèjì níbẹ̀ kí olùdíje lọ sílé ẹjọ́ gíga láti gba àṣẹ pé kí ọlọ́pàá dáàbò bo ìdìbò. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2024, Chevayur Service Co-operative Bank ní ìlú Kozhikode ṣe ìdìbò. Ilé ẹjọ́ ti pàṣẹ ààbò, ọlọ́pàá sì wà níbẹ̀. Síbẹ̀ ìjà bẹ́ láàárín àwọn alátìlẹ́yìn ẹgbẹ́ òṣèlú méjì, wọ́n kọ lu ọkọ̀ tó ń gbé olùdìbò, wọ́n ń fẹ̀sùn kan ara wọn pé ayédèrú olùdìbò ló ń dìbò, ẹgbẹ́ òṣèlú Congress sì kéde pé kí gbogbo ọjà tì ní ọjọ́ kejì. Ohun tí mo rí kọ́ níbẹ̀ ni pé ọlọ́pàá lè dí ọ̀nà mọ́ òkò àti igi, ṣùgbọ́n kò lè dí i mọ́ orúkọ èké tó ti wà nínú ìwé kí ilẹ̀ tó mọ́. Bí ògiri ò bá lanu, aláǹgbá ò lè wọ̀ ọ́. Ìwé orúkọ ni ògiri. Ohun kejì ni pé nígbà tí ẹgbẹ́ òṣèlú ti wọ inú alájẹṣẹ́kù, ọlọ́pàá yóò máa wo ojú ẹni tó wà níjọba. Àwọn ẹgbẹ́ wa ní Alímọ̀ṣọ́, níbi tí olóṣèlú pọ̀ bí eṣú, gbọ́dọ̀ ṣọ́ra fún èyí ju fún jàǹdùkú lọ.

Àwọn kan yóò sọ pé ẹbí ni alájẹṣẹ́kù, pé a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, pé ẹgbẹ́ tó bá mú ọlọ́pàá wọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ ti ta òmìnira rẹ̀. Ọ̀rọ̀ òmìnira yìí kì í ṣe ọ̀rọ̀ kékeré: ó wà lára ìlànà méje tí àjọ àgbáyé àwọn ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù fọwọ́ sí ní Manchester ní 1995. Ṣùgbọ́n òmìnira túmọ̀ sí pé kí ọmọ ẹgbẹ́ máa ṣàkóso ara wọn láìsí ẹni tó ń pàṣẹ fún wọn láti ìta. Jàǹdùkú tí olùdíje kó wá láti ìta, òun gan-an ló ń gba òmìnira yẹn lọ́wọ́ wọn. Ẹgbẹ́ tí èèyàn ọgbọ̀n wà nínú rẹ̀, tí wọ́n ń pàdé lábẹ́ igi máńgòrò, tí wọ́n mọ ìyá àti bàbá ara wọn, kò nílò ọlọ́pàá. Mo gbà bẹ́ẹ̀ tọkàntọkàn, mo sì rò pé kí wọ́n má pè wọ́n. Ẹgbẹ́ tí ọmọ rẹ̀ tó ẹgbẹ̀rún, tí owó rẹ̀ tó ọgọ́rùn-ún mílíọ̀nù, kì í ṣe ẹbí mọ́, bó ti wù kí wọ́n máa pe ara wọn ní mọ̀lẹ́bí.

Àtakò kejì ló le jù, kò sì yẹ kí a fi ẹnu lásán dáhùn rẹ̀: ọlọ́pàá wa ń gba owó. Oṣù kẹwàá ọdún 2020, nígbà tí àwọn ọ̀dọ́ tú jáde ní Èkó láti tako ìwà ẹ̀ka ọlọ́pàá SARS, ṣì wà lọ́kàn gbogbo wa. Ẹni tó bá ní kí ọmọ ẹgbẹ́ fọkàn tán ọlọ́pàá ní ojú dídì kò mọ ìlú tó ń gbé. Ìdáhùn mi ni pé ìfọkàntán kọ́ ni mo ń béèrè fún. Ìwé ni. Lẹ́tà tí gbogbo olùdíje ní ẹ̀dà rẹ̀ ń mú kí ó ṣòro fún ẹnì kan láti ra ọ̀gá ọlọ́pàá, nítorí àwọn olùdíje yòókù náà mọ ohun tó yẹ kí ó ṣe. Bí ẹgbẹ́ bá fẹ́ fún àwọn òṣìṣẹ́ ní oúnjẹ àti omi, kí ìpàdé dìbò lé e lórí ṣáájú, kí ó wà nínú ìwé owó, kí gbogbo èèyàn rí i. Owó tó bá kọjá ìyẹn, tí olùdíje kan fi sínú àpòòwé, àbẹ̀tẹ́lẹ̀ ni. Bí ọlọ́pàá kan bá sì yí padà di ọmọ ogun olùdíje, kí ìgbìmọ̀ kọ orúkọ tó wà láyà rẹ̀ àti nọ́ńbà rẹ̀ sílẹ̀, kí wọ́n sì fi ẹ̀sùn rẹ̀ ránṣẹ́ sí ẹ̀ka tí ilé-iṣẹ́ ọlọ́pàá dá sílẹ̀ ní 2015 fún gbígbọ́ ẹ̀sùn ará ìlú. Kò dájú pé wọn yóò fìyà jẹ ẹ́. Ṣùgbọ́n èyí tó burú jù ni kí ìgbìmọ̀ má pe ọlọ́pàá, kí olùdíje tó lówó jù sì pè wọ́n níkọ̀kọ̀. Nígbà náà, kò sí lẹ́tà, kò sí ẹ̀dà, kò sí ẹni tó lè bi wọ́n pé ta ló ní kí wọ́n wá.

Ọ̀rọ̀ ìbọn tún wà. Ìyá àgbà tó ti fi ọdún 15 dá owó sínú ẹgbẹ́ lè yí padà sílé bó bá rí ìbọn gígùn lẹ́nu géètì, a kò sì lè bá a wí. Kí lẹ́tà béèrè ní kedere pé kí àwọn tó sún mọ́ ẹnu ọ̀nà má mú ìbọn dání, kí obìnrin wà lára wọn, kí ọkọ̀ tó gbé àwọn tó ní ìbọn sì dúró ní òpópónà níbi tí wọn yóò ti tètè dé. Fún ẹgbẹ́ tí kò tóbi, tí kò sì kéré, àwọn òṣìṣẹ́ Neighbourhood Safety Corps tí ìpínlẹ̀ Èkó fi òfin ọdún 2016 dá sílẹ̀ lè tó, nítorí wọn kì í gbé ìbọn, wọ́n sì mọ àdúgbò. Èyí tí mi ò lè fara mọ́ ni kí a pe ẹgbẹ́ ọdẹ tàbí ẹgbẹ́ ajìjàgbara kan wá ṣọ́ ìdìbò. Wọ́n lè jẹ́ èèyàn rere, ṣùgbọ́n kò sí òfin tó dè wọ́n mọ́ ojúṣe yẹn, bí wọ́n bá sì lu ẹnì kan, ẹgbẹ́ ni yóò jẹ́jọ́.

Lẹ́yìn ìkéde, iṣẹ́ ọlọ́pàá ti tán àfi bí ẹnì kan bá lu ẹnì kejì. Ẹni tí kò bá tẹ́ lọ́rùn kò gbọ́dọ̀ lọ sí àgọ́ láti ní kí wọ́n wá fagi lé ìdìbò. Òfin ti pèsè ọ̀nà tirẹ̀, nípa gbígbé àríyànjiyàn lọ síwájú Olùdarí Ẹgbẹ́ Alájẹṣẹ́kù, tí yóò gbọ́ ọ fúnra rẹ̀ tàbí kí ó yan onílàjà. Níbi tí àwọn èèyàn bá ti kọ ọ̀nà yìí sílẹ̀, ìjọba á máa fi ipá dá sí i. Ní ọjọ́ 31 oṣù karùn-ún ọdún 2019, gómìnà ìpínlẹ̀ Ọ̀yọ́ fi òfin de ẹgbẹ́ awakọ̀ NURTW lẹ́yìn tí ìjà lórí ipò olórí gbóná kọjá ìwọ̀n. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ nìyẹn, kì í ṣe alájẹṣẹ́kù, ṣùgbọ́n gbogbo awakọ̀, àti ẹni tó jà àti ẹni tí kò jà, ni òfin náà kàn. Nínú alájẹṣẹ́kù, owó ìyá aláṣọ ni yóò wà nínú àpò tí wọ́n bá tì pa.

Ẹ̀yin tí ẹgbẹ́ ti yàn láti ṣètò ìdìbò ní Command, ní Ìkòtún, ní Ẹ̀gbẹ́dá àti ní Ìgándò, ẹ má dúró de alága kó bá yín lọ sí àgọ́. Ẹ kọ lẹ́tà náà lórúkọ ìgbìmọ̀ yín kó tó ku ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, ẹ gba ẹ̀dà tí àgọ́ lu òǹtẹ̀ lé, kí ẹ sì lẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìwé orúkọ, níbi tí gbogbo ọmọ ẹgbẹ́ yóò ti kà á.